Frídọ́ọ̀mù: Kí ló ń sọ ọmọ iṣẹ́ di olómìnira gan-an?

Aránṣọ, Abẹ́òkúta

Ẹ kú iṣẹ́ o, gbogbo ẹ̀yin oníṣẹ́-ọwọ́. Ọ̀rọ̀ òmìnira ni mo gbé wá síwájú yín. Bí wọ́n bá ní "lágbájá ti gba frídọ́ọ̀mù" ní ṣọ́ọ̀bù, kò sẹ́ni tí yóò bèèrè pé òmìnira wo. Gbogbo wa mọ̀ pé ọdún ìkọ́ṣẹ́ ti pé, ọ̀gá ti gbàdúrà, ìwé ẹ̀rí ti dé ọwọ́. Ṣùgbọ́n méjì ni òmìnira yẹn. Ọ̀kan wà tí ọ̀gá ń fúnni, ọjọ́ kan péré ló ń gbà. Ọ̀kan wà tí ọ̀gá kankan ò lè fúnni, inú ọmọ iṣẹ́ ló ti ń hù, ó sì ti yẹ kó máa hù kí ọjọ́ ayẹyẹ tó pé. Kálukú sọ ohun tó mọ̀ nídìí iṣẹ́ tirẹ̀: kí ló ń mú ìkejì yìí hù, kí ló sì ń pa á?

Ẹ jẹ́ kí n ti orí sísọ́ọ̀sì bẹ̀rẹ̀. Ọmọ iṣẹ́ tó ti lo ọdún mẹ́ta lè rán síìpù kó má hàn, ó lè ṣe ọrùn kó jókòó, ó lè wífì etí aṣọ kó má tú, ó lè lọ aṣọ kó dán. Ẹ gbé ankárá oníbàárà, yáàdì 6, lé orí tábìlì fún un lọ́jọ́ tí ọ̀gá kò sí nílé, kí ẹ ní kó gé e. Yóò wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀mẹta. Yóò fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà, yóò pa á rẹ́, yóò tún un fà. Sísọ́ọ̀sì á ya ẹnu létí aṣọ, kò ní pa á dé. Lẹ́yìn náà ni yóò ní, "Ẹ jẹ́ kí ọ̀gá dé." Ọwọ́ rẹ̀ mọ iṣẹ́, ọkàn rẹ̀ ṣì wà lápò ọ̀gá.

Ohun tó fà á ni pé ní ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀bù, ọ̀gá nìkan ló ń gé aṣọ. A ò lè bá a wí, nítorí òun ni yóò san án bí aṣọ bá bàjẹ́. Ọ̀nà tó dára ni kí ọmọ máa gé láti oṣù àkọ́kọ́, àmọ́ lórí ìwé: bébà sìmẹ́ǹtì tàbí ìwé ìròyìn tí wọ́n fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ pọ̀. Oṣù mẹ́fà lórí ìwé. Lẹ́yìn ìyẹn, aṣọ ọmọdé láti ara ègé tó ṣẹ́kù. Lẹ́yìn ìyẹn, ìró, tí ìlà rẹ̀ gún, kó tó kan búbá, kó tó kan ṣòkòtò. Agbádá ló kẹ́yìn, nítorí yáàdì 10 ni àgbàlagbà tó sanra máa ń kó wá fún agbádá, búbá àti ṣòkòtò, àṣìṣe ibẹ̀ kò kéré.

Kí wọ́n sì máa sọ ìdí fún un. Bí àyà bá jẹ́ ínǹṣì 40, pín in sí mẹ́rin, 10 ni. Fi ààbọ̀ ínǹṣì kún un kí ẹni tó wọ̀ ọ́ lè mí, fi ínǹṣì 1 kún un fún ojú ìrán. Ínǹṣì 11 àti ààbọ̀ lo máa sàmì sí. Ọmọ tó mọ ohun tí ààbọ̀ ínǹṣì yẹn ń ṣe níbẹ̀ ti ń di olómìnira. Èyí tó kàn há a sórí pé "àyà 40, gé 11 àti ààbọ̀" yóò sọnù lọ́jọ́ tí oníbàárà bá kó aṣọ tó ń fà bíi rọ́bà wá, nítorí irú aṣọ bẹ́ẹ̀ kò nílò àyè ìmí yẹn, yóò sì bọ̀ ọ́ lọ́rùn bí àpò.

Mẹkáníìkì, Ìbàdàn

Ẹ kú àlàyé, ẹ̀yin ọ̀gá télọ̀. Lọ́dọ̀ tiwa, sípánà ni. Ọmọ iṣẹ́ ọdún kan ti mọ 10, 12, 14, 17 lójú lásán. Kí o tó pè é tán, ó ti nà án sí ọ. Àwọn ènìyàn á ní ọmọ yìí ti mọṣẹ́. Kò tíì mọ̀ ọ́n. Ó mọ bí a ṣe ń tú nǹkan, kò mọ ìdí tí a fi tú u.

Ìbéèrè kan wà tó yẹ kí ọ̀gá máa bi ọmọ iṣẹ́ kó tó fi ọwọ́ kan bóòtì kankan: "Kí lo rò pé ó ń ṣe mọ́tò yìí?" Kí ọ̀gá sì dákẹ́ títí yóò fi dáhùn. Mọ́tò tó kọ̀ tí kò gbiná, ọ̀nà rẹ̀ kò pọ̀. Yí kọ́kọ́rọ́, kí o gbọ́ ohùn rẹ̀. Bó bá ń ṣe tẹ-tẹ-tẹ tí ẹ́ńjìnnì kò yí, bátìrì tàbí orí bátìrì tó dípẹtà ni kí o kọ́kọ́ fura sí. Fi mítà wò ó. Bátìrì 12 tó kún máa ń fi nǹkan bíi volt 12.6 hàn nígbà tí ẹ́ńjìnnì wà ní pípa. Bó bá ti wálẹ̀ sí 12, ó ti fẹ́ẹ̀ gbẹ. Bí ẹ́ńjìnnì bá ń yí dáadáa tí kò gbiná, a ti mú bátìrì kúrò nínú ọ̀rọ̀, ó ku epo àti iná púlọ́ọ̀gì. Ọmọ tó bá lè rin ọ̀nà yẹn fúnra rẹ̀, ibi tó bá dé lágbàáyé, kò ní ṣẹ̀ṣẹ̀ máa pe ọ̀gá lórí fóònù.

Ohun tó ń pa á ni èébú. Bí ó bá dáhùn tó sì ṣì í, tí wọ́n pè é ní olódo lójú oníbàárà, kò ní dáhùn mọ́ láéláé. Yóò kàn máa wo ojú ọ̀gá. Ẹni tí wọ́n pè ní olódo fún ọdún mẹ́rin, ìwé ẹ̀rí ò lè wẹ̀ ẹ́ nù lọ́jọ́ kan ṣoṣo.

Ẹ gbé ẹ́ńjìnnì kan tó ti kú sẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù kí wọ́n máa bà á jẹ́. Ibẹ̀ ni kí ọmọ ti rí i pé àárín la ti ń bẹ̀rẹ̀ sí í di bóòtì orí ẹ́ńjìnnì, ká máa bọ̀ sí ẹ̀gbẹ́, díẹ̀díẹ̀, lẹ́ẹ̀mejì lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹni tó bá ti ẹ̀gbẹ́ bẹ̀rẹ̀ tó dì í pa lẹ́ẹ̀kan, orí ẹ́ńjìnnì lè wọ́, omi á máa jò. Kó ṣì í níbi tí kò ti sí oníbàárà.

Bàbá àgbà, Ọ̀yọ́

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo kí yín. Láyé àtijọ́, bí gbèsè bá wọ ènìyàn lọ́rùn, ó lè yá owó lọ́wọ́ olówó, kó fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Ìwọ̀fà kì í ṣe ẹrú. Ó ní ẹbí tó dúró tì í, wọn ò sì gbọdọ̀ tà á. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tí iṣẹ́ rẹ̀ ń san. Èlé ni. Gbogbo ebè tó ń kọ lóko olówó, èlé ló ń lọ sí. Ojú owó wà níbẹ̀ gbọin. Bó ṣe ọdún méjì, bó ṣe ogún ọdún, àfi kí ẹnìkan kó iye tí wọ́n yá wá kó tó lè bọ́.

Ọmọ iṣẹ́ kò rí bẹ́ẹ̀. Ọjọ́ kọ̀ọ̀kan tó bá fi ṣiṣẹ́ fún ọ̀gá ń dín ọjọ́ tó kù. Ààlà tó wà láàárín àwọn méjèèjì nìyẹn, kò sí òmíràn. Ní ṣọ́ọ̀bù tí wọn ò bá ti kọ ọjọ́ ìparí sílẹ̀, tí ọ̀gá ń sọ pé "ó ku díẹ̀, ó ku díẹ̀", ọmọ yẹn ti di ìwọ̀fà, bẹ́ẹ̀ sì ni kò yá kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Ẹ tún jẹ́ kí n sọ ti òwe tí àwọn ọ̀gá fẹ́ràn: bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, a fi tọmọ jẹ́ ẹ. Ẹni tí wọ́n rán ló ni òwe yìí, ẹni tó ń ránni kọ́ ló ni ín. Ó ń sọ fún ọmọ pé bí wọ́n tilẹ̀ ní kí o lọ gbá ìdọ̀tí, lo làákàyè rẹ níbẹ̀, nítorí ìwọ kì í ṣe ẹrú nínú ara rẹ. Ọ̀gá tó bá fi òwe yìí ní kí ọmọ ọlọ́mọ máa fọ aṣọ ìyàwó òun láti Ọjọ́ Ajé dé Ọjọ́ Àìkú ti yí i sódì.

Akọ̀wé ẹgbẹ́ oníṣẹ́-ọwọ́, Òṣogbo

Bàbá, ẹ ṣeun, ẹ ti la ọ̀nà fún mi. Ìwé àdéhùn ni mo fẹ́ sọ, nítorí ìjà tí ẹgbẹ́ máa ń bá wọn parí, ọ̀pọ̀ rẹ̀ ibẹ̀ ló ti ń wá.

Ẹ má kọ "ọdún mẹ́ta" nìkan. Ẹ kọ ọjọ́, oṣù àti ọdún tí ó bẹ̀rẹ̀, kí ẹ kọ ti ọjọ́ tí yóò parí. Nígbà kónílé-ó-gbélé ọdún 2020, oríṣiríṣi ọ̀gá ló ní oṣù tí wọ́n ti ìlẹ̀kùn pa kò sí nínú ọdún ìkọ́ṣẹ́, òbí ní ó wà níbẹ̀, kò sì sí ìwé tó sọ ọ́. Ẹ kọ ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ bí àìsàn bá dé tàbí bí ọmọbìnrin bá bímọ. Ẹ kọ owó ìkọ́ṣẹ́, ìgbà tí wọn yóò máa san án, àti owó frídọ́ọ̀mù, nọ́ńbà gan-an, nítorí ibi owó frídọ́ọ̀mù tí wọn ò kọ ni ọ̀gá ti ń ní ọjà ti wọ́n, kí wọ́n fi kún un. Ẹ kọ ọjọ́ ìsinmi. Ẹ kọ ẹni tí yóò gbé ọmọ lọ sí ilé ìwòsàn bí maṣíìnì bá gún un lọ́wọ́. Ẹ̀dà mẹ́ta: ti ọ̀gá, ti òbí, ti ẹgbẹ́.

Òfin Iṣẹ́ Nàìjíríà náà ní ọ̀rọ̀ lórí èyí. Abala 49 ní òbí lè fi ọmọ tó ti ju ọdún 12 lọ tí kò tíì pé 16 sẹ́nu iṣẹ́, bí ọmọ náà bá fọwọ́ sí i, kó má sì ju ọdún 5 lọ. Abala 50 ní àdéhùn náà gbọ́dọ̀ wà ní kíkọ, kí òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ fọwọ́ sí i. Ó dùn mí pé ṣọ́ọ̀bù tó ń ṣe ìyẹn kò pọ̀.

Ọ̀rọ̀ ọlọ́pàá ńkọ́? Bí ọmọ iṣẹ́ bá kúrò kí ọjọ́ rẹ̀ tó pé, àdéhùn ló bà jẹ́. Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020, abala 32, sọ ọ́ gbangba pé wọn ò gbọdọ̀ mú ènìyàn nítorí pé ó ba àdéhùn jẹ́ lásán. Ìwé òfin orílẹ̀-èdè wa ti 1999, abala 34, kò fàyè gba kí a fi ipá mú ènìyàn ṣiṣẹ́, abala 35 sì dáàbò bo òmìnira ara ẹni. Ọ̀gá tó bá fẹ́ gba ẹ̀tọ́ rẹ̀, kó pe òbí àti onídùúró wá sí ìpàdé ẹgbẹ́. Bí kò bá tán níbẹ̀, ilé ẹjọ́ wà.

Ọjọ́ ayẹyẹ fúnra rẹ̀ kò le. Ní ọ̀pọ̀ ìlú wa, òbí àti aṣojú ẹgbẹ́ á jókòó, ọmọ á kúnlẹ̀ tàbí kó dọ̀bálẹ̀, ọ̀gá á mú irinṣẹ́ lé e lọ́wọ́: tépù lọ́rùn àti sísọ́ọ̀sì lọ́wọ́ fún aránṣọ, sípánà fún mẹkáníìkì, kọ́ńbù fún onídìrí. Wọ́n á wúre. Obì ni í bi ikú dànù, orógbó ni í gbó ni sáyé, a kì í bá omi ṣọ̀tá. Oyin àti iyọ̀ á dé ẹnu rẹ̀, ataare pẹ̀lú. Níbi tí ó bá jẹ́ pásítọ̀ tàbí àáfà ló ń gbàdúrà, oyin nìkan ni àwọn mìíràn máa ń gbé wá. Ohun tí àwọn ènìyàn ń gbàgbé ni ọ̀rọ̀ ẹnu. Kí ọ̀gá sọ ọ́ kí gbogbo ènìyàn gbọ́ pé, "Mo tú ọ sílẹ̀, iṣẹ́ yìí ti di tìrẹ." Ọmọ tí kò gbọ́ gbólóhùn yẹn máa ń rò ó fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Onídìrí, Ìkòròdú

Ẹ̀yin àgbà ti sọ̀rọ̀, ó ku owó. Gbèsè frídọ́ọ̀mù ń pa òmìnira. Ọmọbìnrin á yáwó ra aṣọ ẹgbẹ́, á dáná ìrẹsì, á ya kánọ́pì, á gbé ẹlẹ́rọ-orin wá, ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e ni yóò padà sọ́dọ̀ ọ̀gá kan náà láti máa gba owó iṣẹ́ bíi jọ́níìmàn, nítorí kò ní dírayà, kò ní ṣọ́ọ̀bù. Àga tó ń dúró tì tẹ́lẹ̀ náà ni yóò tún dúró tì. Iṣẹ́ jọ́níìmàn kò burú bí ó bá jẹ́ pé òun ló yàn án, kó fi kó owó jọ fún oṣù mélòó kan. Bó bá jẹ́ gbèsè ló lé e lọ síbẹ̀, kò tíì bọ́.

Ẹ ra irinṣẹ́ kí ẹ tó pe àlejò. Bí owó bá jẹ́ náírà mẹ́wàá, ẹ fi méje ra irinṣẹ́, ẹ fi méjì ṣe ìnáwó, ẹ tọ́jú ọ̀kan fún oṣù tí oníbàárà kò ní wá. Àjọ lè gbé e. Ẹni tó ń dá 500 náírà lójúmọ́ fún ọjọ́ 31, 15,500 ló dá. Alájọ á mú ti ọjọ́ kan, á fún un ní 15,000. Bó bá dá ọjọ́ 31 bẹ́ẹ̀ lọ́nà 24, nǹkan bí ọdún méjì, 360,000 nìyẹn, bí kò bá fọwọ́ kàn án. Ibi tó ti ń bàjẹ́ ni kí ó máa kó o lóṣooṣù, kí ó máa ná an. Kó bá alájọ sọ ọ́ pé títí oṣù mẹ́fà yóò fi pé òun ò gbà á, tàbí kó máa kó o lọ sí báǹkì ní ọjọ́ tó bá gbà á.

Èkejì ni ẹnu. Ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbòmìnira kì í lè pe iye owó. Oníbàárà á ní "èló ni?", òun á wo ilẹ̀, á ní "ohun tí ẹ bá ní". Kò sí ẹni tó kọ́ ọ, nítorí ọ̀gá ló ń dúnàádúrà ní gbogbo ọdún yẹn. Ẹ jẹ́ kí ọmọ tó ku oṣù mẹ́fà kó parí máa gba oníbàárà, kí ẹ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Kó ṣírò rẹ̀: irun, ọ̀rá tàbí ọṣẹ, epo jẹnẹrétọ̀, wákàtí tó fi dúró, kó fi èrè lé e. Bí ó bá mọ bó ṣe dé iye yẹn, ojú kò ní tì í láti pè é, yóò sì mọ ibi tí kò gbọdọ̀ sọ̀kalẹ̀ dé nígbà tí wọ́n bá ń bẹ̀ ẹ́.

Káfíńtà, Ìsàlẹ̀ Èkó

Mo fẹ́ fi tàwọn Àgùdà, àwọn ará wa tó ti Brazil padà wá, kún un ní ṣókí. Ní ìlú Salvador, ní Bahia, ní Brazil, àwọn ará wa tí wọ́n ń pè ní Nàgó wà lóko ẹrú láàárín ìlú. Wọ́n ń ru ẹrù, wọ́n ń ta ọjà, wọ́n ń ṣe iṣẹ́ ọwọ́. Iye kan pàtó ni wọ́n ń san fún olówó wọn lọ́sẹ̀, ohun tó bá ṣẹ́kù jẹ́ tiwọn. Ohun tó ṣẹ́kù yẹn ni wọ́n ń kó jọ sínú àpótí kan, gẹ́gẹ́ bí èsúsú, kí wọ́n fi ra ara wọn padà lọ́kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n gba ìwé òmìnira. Ìfiniṣẹrú ò tíì parí ní Brazil nígbà yẹn. Ọdún 1888 ni òfin tó fòpin sí i jáde.

Nínú àwọn tó padà sí Èkó, káfíńtà, bíríkìlà àti aránṣọ pọ̀ láàárín wọn, wọ́n sì kọ́ àwọn ọmọ Èkó níṣẹ́. Mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey tí wọ́n ṣí ní 1894, ọmọ Àgùdà, João Baptista da Costa, ló darí iṣẹ́ rẹ̀. Mo ń wo ohun tó ṣẹ́kù lọ́sẹ̀ yẹn. Ẹni tí wọ́n ní òun gan-an jẹ́ ohun ìní ẹlòmíràn ṣì ń ka owó tirẹ̀ sọ́tọ̀. Kí ìwé tó dé ọwọ́ rẹ̀, ó ti ń ka ara rẹ̀ sí olówó ara rẹ̀.

Ọmọ iṣẹ́ alumíníọ̀mù, Ilọrin

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin ọ̀gá mi, bí ọdún bá pé tí ọ̀gá kọ̀ láti túni sílẹ̀ ńkọ́? Ọ̀pọ̀ wa ló ń bẹ̀rù èpè. Wọ́n ní ẹni tó bá sá lọ láìgba frídọ́ọ̀mù, iṣẹ́ ò ní gbè é.

Bàbá àgbà, Ọ̀yọ́

Ọmọ mi, má sá. Sísá ló ń jẹ́ kí ìbẹ̀rù wọlé, nítorí ẹni tó sá yóò máa wo ẹ̀yìn, bí maṣíìnì bá sì bàjẹ́ yóò ní èpè ni, kò ní lọ wo wáyà rẹ̀.

Mú ìwé àdéhùn dání. Jẹ́ kí àwọn òbí rẹ kọ́kọ́ lọ láàárọ̀, kí oníbàárà tó dé, kí wọ́n fi ohùn pẹ̀lẹ́ bèèrè ohun tó kù. Nígbà mìíràn owó ni, ojú sì ń ti ọ̀gá láti sọ ọ́. Nígbà mìíràn ẹ̀rù ni, nítorí ìwọ lò ń ṣe ìdajì iṣẹ́ ṣọ́ọ̀bù, kò sì mọ ẹni tí yóò gbà á ṣe. Ẹ lè bá a ṣe àdéhùn pé ìwọ yóò máa wá ní ọjọ́ méjì lọ́sẹ̀ fún oṣù mẹ́ta, pẹ̀lú owó iṣẹ́. Bí kò bá gbà, ẹ rán àgbàlagbà kan tí ó ń bọ̀wọ̀ fún lẹ́ẹ̀kejì. Ẹ̀ẹ̀kẹta, ẹ lọ sí ẹgbẹ́, ẹgbẹ́ sì lè tú ọ sílẹ̀ ní ipò rẹ̀.

Ní ti èpè: ẹni tó sin ọdún rẹ̀ pé, tó san ohun tó yẹ, tó rán àgbà lẹ́ẹ̀mẹta, kí ni wọ́n fẹ́ fi gún un? Kódà bí o bá kúrò, máa kí i lọ́dún, lọ sí òkú tàbí ìgbéyàwó rẹ̀. Ìyẹn á jẹ́ kí ọkàn tìrẹ náà fúyẹ́.

Akọ̀wé ẹgbẹ́ oníṣẹ́-ọwọ́, Òṣogbo

Mo fi èyí kún un, àbúrò: ìwé ẹ̀rí ọ̀gá nìkan kọ́ ló wà. Ìdánwò iṣẹ́ ọwọ́ tí iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ fún iṣẹ́ ń ṣe, ìpele 3, 2 àti 1, ẹnikẹ́ni tó bá mọṣẹ́ lè forúkọ sílẹ̀ fún un. Iléeṣẹ́ ńlá máa ń bèèrè rẹ̀.

Aránṣọ, Abẹ́òkúta

Ẹ ṣeun gan-an. Ẹnìkan kọ̀wé sí mi níkọ̀kọ̀ pé ọ̀gá òun kú nígbà tó ku oṣù mẹ́rin, ta ni yóò wá tú òun sílẹ̀? Mo dáhùn níbí kí gbogbo wa lè rí i. Bí ọ̀gá ọ̀gá rẹ bá ṣì wà láyé, òun lẹ́tọ̀ọ́ sí i jù. Bí kò bá sí, ẹni àkọ́kọ́ tí olóògbé tú sílẹ̀, pẹ̀lú ẹgbẹ́. Oṣù mẹ́rin tó kù, lò ó lọ́dọ̀ ẹni náà, má fò ó. Lórí ìwé ẹ̀rí, orúkọ olóògbé ni kí wọ́n kọ sí àyè ẹni tó kọ́ ọ níṣẹ́, kí alága ẹgbẹ́ fọwọ́ sí ìsàlẹ̀. Bí ìyàwó tàbí ọmọ olóògbé bá fẹ́, kí wọ́n mú sísọ́ọ̀sì rẹ̀ wá, kí wọ́n fi lé ọ lọ́wọ́ lọ́jọ́ náà, lẹ́yìn àdúrà kí o dá a padà fún wọn.